Sotigui Kouyaté, Òṣèré Tó Mọ Ìdákẹ́ Lò

Ẹni ọdún 72 ni Sotigui Kouyaté nígbà tí wọ́n fún un ní àmì-ẹ̀yẹ òṣèré ọkùnrin tó dára jù lọ níbi àjọ̀dún sinimá Berlin, ní oṣù Kejì ọdún 2009. Fíìmù London River ló gbà á fún. Lọ́dún tó tẹ̀ lé e, ní ọjọ́ 17 oṣù Kẹrin, ó kú ní Paris. Àwọn ọmọ ìsinsìnyí, tí wọ́n fẹ́ kí Facebook ti gbé orúkọ wọn káyé kí wọ́n tó pé ogún ọdún, á ní ògo ọkùnrin yìí mà pẹ́ kó tó dé. Èmi ò rò bẹ́ẹ̀. Ohun tí wọ́n tìtorí ẹ̀ yẹ́ ẹ sí ní Berlin, ilé ló ti gbé e lọ, ó sì ti wà lọ́wọ́ rẹ̀ kó tó mọ ohun tí kámẹ́rà ń jẹ́.

Cissin ni mò ń gbé, ní apá gúúsù Ouagadougou. Télọ̀, olùkọ́, awakọ̀ àti oníṣòwò ló pọ̀ níbẹ̀. Ariwo alùpùpù kì í dá lójú títì, eruku pupa kì í sì í jẹ́ kí aṣọ funfun pẹ́ lára èèyàn. Òwò ló gbé àwa Yorùbá débẹ̀. Ẹ̀gbọ́n mi obìnrin ló kọ́kọ́ wá, ó ń ta aṣọ àti ìpara, èmi tẹ̀ lé e, mo sì kúkú jókòó. Mooré la ń sọ lójú pópó, Jula lọ́jà, Faransé ní ọ́fíìsì, Yorùbá nínú ilé wa. Àgbàlá kan wà lẹ́yìn ṣọ́ọ̀bù télọ̀, ibẹ̀ ni èmi àti àwọn ọ̀dọ́ tí mò ń kọ́ ti ń ṣe ìgbáradì eré nírọ̀lẹ́, tí oòrùn bá ti rọ̀. Èdè mẹ́rẹ̀ẹ̀rin la sì máa ń pò pọ̀ níbẹ̀.

Ẹgbẹ́ alárìnjó ni mo ti kọ́ṣẹ́ nílé, láyé ìgbà tí ọ̀gá ṣì ń kó wa sínú bọ́ọ̀sì tí wọ́n kọ orúkọ ẹgbẹ́ sí lára, tí à ń gbéré láti ìlú dé ìlú. Gbọ̀ngàn iléèwé la sábà máa ń lò. Máíkì lè jẹ́ ẹyọ kan, ó sì lè kú kí ọba inú eré tó jókòó sórí ìtẹ́. Nítorí náà, ohùn ni wọ́n kọ́kọ́ kọ́ wa: kí ẹni tó jókòó sẹ́yìn pátápátá, tó ń jẹ ẹ̀pà, gbọ́ ọ yéké. Ojú gbọ́dọ̀ yí, apá gbọ́dọ̀ fò, bí o bá sì ń sunkún, kí wọ́n rí omijé rẹ látẹnu ọ̀nà. N ò kórìíra ẹ̀kọ́ yẹn. Ó ní iyì tirẹ̀. Ẹni tó bá rí Dúró Ládípọ̀ níbi tó ti di Ṣàngó nínú Ọba Kò So kò jẹ́ pè é ní ariwo lásán. Àmọ́ nígbà tí mo kọ́kọ́ wo Sotigui, ó hàn sí mi pé ọ̀nà mìíràn wà tí ẹnikẹ́ni ò fi hàn mí rí.

Bamako ni wọ́n bí i sí, ní ọjọ́ 19 oṣù Keje ọdún 1936. Guinea ni àwọn ẹbí rẹ̀ ti ṣẹ̀ wá, Burkina Faso, tó ń jẹ́ Haute-Volta tẹ́lẹ̀, ló sì sọ di ilé. Orílẹ̀-èdè mẹ́ta ló ń pè é ní ọmọ àwọn, kò sì sí èyí tó parọ́. Ìdílé Kouyaté kì í ṣe ìdílé lásán ní ilẹ̀ Mande. Láti ayé Sundiata Keita, ní nǹkan bí ẹgbẹ̀rin ọdún sẹ́yìn, ni wọ́n ti jẹ́ jeli fún àwọn Keita. Àwọn ló ń pa ìtàn mọ́, àwọn ló ń ki ọba, àwọn ló ń làjà láàárín ẹbí, àwọn ló ń ṣe alárinà nígbà ìgbéyàwó. Nílé wa, arọ́kin Ọ̀yọ́ ń ṣe díẹ̀ nínú rẹ̀, onírárà ń ṣe díẹ̀, alága ìdúró ń ṣe ìyókù. Lọ́dọ̀ tiwọn, ẹnì kan náà ló ń dá gbogbo rẹ̀ ṣe, ọmọ bíbí inú rẹ̀ ló sì ń jogún rẹ̀.

Pẹ̀lú bẹ́ẹ̀, ìdí eré kọ́ ni Sotigui ti bẹ̀rẹ̀. Ó gba bọ́ọ̀lù débi pé ó wọ ikọ̀ orílẹ̀-èdè. Ó ṣiṣẹ́ ìjọba. Ọdún 1966, tó pé ẹni ọgbọ̀n ọdún, ni ọ̀rẹ́ rẹ̀ Boubacar Dicko fà á wọ orí ìtàgé. Láìpẹ́, ó kó èèyàn mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n jọ, ó dá ẹgbẹ́ tirẹ̀ sílẹ̀, ó sì ń kọ eré. Kò yà mí lẹ́nu. Hubert Ògúndé ṣe ọlọ́pàá kó tó ṣe ọ̀gá eré, Kọ́lá Ògúnmọ́lá àti Dúró Ládípọ̀ ṣe tíṣà. Mo fẹ́ràn òṣèré tó ti jẹun nídìí iṣẹ́ mìíràn rí. Tó bá di orí ìtàgé, ó mọ bí èèyàn ṣe ń dúró de owó oṣù.

Fíìmù bẹ̀rẹ̀ sí í pè é. Moustapha Alassane, ọmọ Niger, lò ó nínú FVVA ní 1972. Christian Richard lò ó nínú Le Courage des autres ní 1982, ìtàn àwọn tí wọ́n ń kó lẹ́rú. Nínú fíìmù ni àwọn ènìyàn Peter Brook ti rí i. Brook yìí, ọmọ Gẹ̀ẹ́sì tó tẹ̀dó sí Paris, ń wá òṣèré káàkiri ayé nígbà náà láti fi ṣe Mahabharata, ìtàn ńlá àwọn ará India tí Jean-Claude Carrière sọ di eré. Ní oṣù Keje ọdún 1985 ni wọ́n kọ́kọ́ ṣe é, lẹ́bàá ìlú Avignon, nínú kòtò ibi tí wọ́n ti ń wa òkúta. Wákàtí mẹ́sàn-án ni. Bí wọ́n bá bẹ̀rẹ̀ lálẹ́, ilẹ̀ á mọ́ bá wọn níbẹ̀.

Bhishma ni wọ́n fún Sotigui ṣe. Ọmọ ọba ni Bhishma. Bàbá rẹ̀ fẹ́ fẹ́ obìnrin kan, àwọn ẹbí obìnrin náà sì ní ọmọ tirẹ̀ ló gbọ́dọ̀ jọba. Ni Bhishma bá búra pé òun ò ní jọba, òun ò sì ní fẹ́yàwó láyé òun. Nítorí ìbúra yìí, wọ́n fún un lágbára kó fúnra rẹ̀ yan ọjọ́ tó máa kú. Ó dàgbà, ó darúgbó, ó rí àwọn ọmọ ọmọ ilé náà tí wọ́n ń para wọn, kò sì lè kúrò láàárín wọn. Ẹ jẹ́ ká sọ òótọ́: bí wọ́n bá gbé irú ipa báyìí fún èmi nígbà tí mo ṣì wà nínú bọ́ọ̀sì yẹn, ẹkún ni mo máa fi bẹ̀rẹ̀, ẹkún ni mo máa fi parí ẹ̀. Nínú fíìmù tí Brook fi eré náà ṣe ní 1989, ẹ wo Sotigui bó ṣe ń dúró. Ó ga, ó tín-ín-rín, kò yára yíjú. Ẹlòmíràn ń sọ̀rọ̀, ó fi gbogbo ara gbọ́ ọ. Ìgbà tí ọ̀rọ̀ náà bá ti wọlé sí i tán ló tó lanu. Ẹ ó kọ́kọ́ rò pé kò ṣe nǹkan kan. Ẹ wá wò ó lẹ́ẹ̀kejì, ẹ ó rí i pé òun lẹ ti ń wò látìgbà yẹn, pé ẹni tó ń pariwo ti kọjá lọ lójú yín.

Níbo ló ti kọ́ ọ? Mo ti bá àwọn àgbà jeli jókòó níbi ìsọmọlórúkọ àti níbi ẹjọ́ ẹbí ní Ouagadougou yìí, mo sì rí nǹkan kan tí ìwé tí wọ́n kọ nípa wọn kì í tẹnu mọ́. Àwa ará ìta, ọ̀rọ̀ wọn là ń rí. Àmọ́ kí jeli tó sọ̀rọ̀, ó ti gbọ́. Ọkọ wá, ó gbọ́ tirẹ̀. Ìyàwó wá, ó gbọ́ tirẹ̀. Ìyá ọkọ wá, òun ló pẹ́ jù. Bàbá jeli náà jókòó, ó ń mi orí díẹ̀díẹ̀, ojú rẹ̀ kò kúrò lára ẹni tó ń sọ̀rọ̀. Nígbà tí yóò fi la ẹnu, ìbínú ti tán lára àwọn tó ń jà, torí wọ́n ti rí ẹni gbọ́ wọn. Iṣẹ́ ni gbígbọ́ yẹn. Àtìgbà èwe ni wọ́n ti ń kọ́ ọ, ohun tí Sotigui sì gbé lọ bá Brook nìyẹn.

Fíìmù tí mo máa ń fi han àwọn ọmọ ní Cissin, kí ọ̀rọ̀ yìí lè yé wọn, ni Keïta! l'héritage du griot. Dani Kouyaté, ọmọ Sotigui fúnra rẹ̀, ló darí ẹ̀ ní 1995. Jeli àgbàlagbà kan tó ń jẹ́ Djéliba gbéra láti abúlé, ó wá sí ìlú ńlá, sí ilé Keita kan tó rí jájẹ díẹ̀, ó so ibùsùn àsokọ́ rẹ̀ mọ́ inú àgbàlá, ó ní òun wá sọ ibi tí orúkọ ọmọ ilé náà ti wá fún un. Mabo lorúkọ ọmọ náà. Iléèwé ti kọ́ ọ pé ọ̀bọ ni èèyàn ti ṣẹ̀. Djéliba ní ọba ni baba ńlá tirẹ̀. Ó bẹ̀rẹ̀ ìtàn Sundiata lójoojúmọ́ díẹ̀díẹ̀, ọmọ náà gbàgbé ìwé, ìyá ń bínú, tíṣà gbéra, ó wá fẹjọ́ sùn nílé. Àwa tí a mọ fíìmù ilé wa dáadáa, a ti mọ bí ìran yìí ṣe máa rí lọ́wọ́ wa: tíṣà á ju ìwé nù, bàbá àgbà á fi ọ̀pá lálẹ̀, ìlù á sì dún. Sotigui ò gbé ohùn sókè. Ó gba tíṣà bí àlejò, ó sì béèrè ọ̀rọ̀ lọ́wọ́ rẹ̀ wọ́ọ́rọ́, ìbéèrè tí tíṣà ò rí dáhùn. Kò bú u. Inú yín á bàjẹ́ fún tíṣà gan-an.

Ibi tó wá dùn sí mi jù nìyí. Kouyaté ni Sotigui, Kouyaté ló ń ṣe, Keita ló sì ń sọ̀tàn fún bí àwọn baba rẹ̀ ti ń sọ ọ́. Iléèwé eré kan á ní òṣèré gbọ́dọ̀ bọ́ ara rẹ̀ sílẹ̀ kó tó wọ ara ẹlòmíràn. Sotigui ò bọ́ nǹkan kan. Ó gbé gbogbo ìdílé rẹ̀ wọnú ipa, ó sì wá àyè fún ẹni tí wọ́n ní kó ṣe láàárín wọn. Ìdí nìyẹn tó fi lè ṣe ọmọ ọba India láìṣe àfarawé lásán, tó fi lè ṣe Prospero nínú La Tempête ní 1990, oṣó Shakespeare tó ń pàṣẹ fún ẹ̀mí àìrí. Òṣèré Yúróòpù ní láti kọ́kọ́ fi ọgbọ́n gbà pé ẹ̀mí wà kó tó bá a sọ̀rọ̀. Ọmọ Mande, bí ọmọ Yorùbá, ti ń yẹra fún wọn lójú ọ̀nà láti kékeré.

Ní 2004, ó ṣe Tierno Bokar, àlùfáà Bandiagara ní ilẹ̀ Mali, nínú eré tí wọ́n fà yọ látinú ìwé Amadou Hampâté Bâ. Àwọn Mùsùlùmí wa tó ń ṣe Tijániyà á tètè mọ ìdí ọ̀rọ̀: ṣé ìgbà mọ́kànlá ni ká ka àdúrà Jawharatul Kamal, àbí ìgbà méjìlá? Ohun tí wọ́n ì bá jókòó parí nínú mọ́sálásí di ìjà láàárín ẹbí, ìjọba Faransé sì ki ọwọ́ bọ̀ ọ́. Wọ́n mú Sheikh Hamahullah, aṣáájú àwọn tó ń kà á lẹ́ẹ̀mọ́kànlá, wọ́n gbé e dé ilẹ̀ Faransé, ibẹ̀ ló kú sí ní 1943. Tierno Bokar gba ti Sheikh náà gbọ́, àwọn èèyàn rẹ̀ pa á tì, ó sì kú ní 1940. Ipa ẹni mímọ́ le ju ipa ìkà lọ, ẹ bi òṣèré èyíkéyìí. Ìkà ní nǹkan tó ń wá. Ẹni mímọ́ kò wá nǹkan kan, ìwàásù ló sì máa ń dà lẹ́nu ọ̀pọ̀ wa. Ti Sotigui kò dà á.

Gbogbo èèyàn kọ́ ló pàtẹ́wọ́. Rustom Bharucha, ọmọ India tó jẹ́ ọ̀mọ̀wé eré, fi ìbínú kọ̀wé pé Brook mú ìtàn àwọn, ó sì já a kúrò níbi tó ti hù. Mo gbà pé ọ̀rọ̀ wà níbẹ̀. Ọ̀rọ̀ kan tún wà tí èmi náà máa ń sọ: ilẹ̀ Yúróòpù kò fi bẹ́ẹ̀ rí nǹkan míì fún Sotigui ṣe ju baba ọlọ́gbọ́n lọ. Wọ́n rí irun, wọ́n rí ìga, wọ́n rí ọ̀pá, wọ́n ní baba Áfíríkà ti dé. Ṣebí ọkùnrin yìí ti sáré lórí pápá bọ́ọ̀lù, ó ti jókòó sí ọ́fíìsì ìjọba, ó ti jà pẹ̀lú àwọn òṣèré tí kò tètè dé ibi ìgbáradì. N bá fẹ́ rí i kó ṣe ọkọ òjòwú, tàbí gbájúẹ̀ kan. Kò jókòó dè wọ́n ṣá. Ní 1997, òun àti Habib Dembélé wà lára àwọn tó dá Mandéka Théâtre sílẹ̀ ní Bamako. Ó mú Antigone àwọn Gíríìkì, ó wọ̀ ọ́ láṣọ Mande, bí Ọlá Rótìmí ti ṣe fún Oedipus ní Ilé-Ifẹ̀ ní 1968. Owó àti orúkọ tó rí lókè òkun ló fi ṣe é.

Rachid Bouchareb ló wá fún un ní ipa tí baba ọlọ́gbọ́n ò tó láti fi ṣe. Nínú Little Senegal, ní 2001, Alloune ló ṣe, ọkùnrin tó ń fi ilé ẹrú erékùṣù Gorée han àlejò. Ó fẹ̀yìn tì, ó wọ ọkọ̀ òfuurufú lọ sí Amẹ́ríkà láti wá àwọn ọmọ ọmọ àwọn tí wọ́n kó lọ. Ó rí obìnrin kan tó ń ta ìwé ìròyìn ní New York, ó mọ̀ pé ẹbí òun ni, kò sì tètè sọ fún un. Ó ń ràn án lọ́wọ́, ó ń dáhùn sí ìkanra rẹ̀, gbogbo ohun tó mọ̀ wà lójú rẹ̀. Èmi ò mọ òṣèré mélòó tó lè fi àṣírí pamọ́ fún ẹni tó dojú kọ ọ́, kó má sì fi í pamọ́ fún òǹwòran.

London River le jù ú lọ. Ní ọjọ́ 7 oṣù Keje ọdún 2005, bọ́ǹbù bú nínú ọkọ̀ ojú irin abẹ́ ilẹ̀ àti nínú bọ́ọ̀sì ní London, èèyàn 52 ló bá a lọ yàtọ̀ sí àwọn tó gbé e wá. Nínú fíìmù náà, ìyá kan, ọmọ Gẹ̀ẹ́sì, tí Brenda Blethyn ṣe, ń wá ọmọbìnrin rẹ̀. Ousmane, Mùsùlùmí tó ń tọ́jú igi nínú igbó ilẹ̀ Faransé, ń wá ọmọkùnrin rẹ̀ tí kò mọ̀ dáadáa, torí kékeré ló ti fi í sílẹ̀. Àwọn ọmọ méjèèjì ti ń gbé pọ̀. Ẹ̀rù Ousmane ń ba obìnrin náà, ó ń fura sí i, ó sọ ọ̀rọ̀ kòbákùngbé sí i. Sotigui dúró pẹ̀lú ọ̀pá rẹ̀. Blethyn ló ń sáré, tó ń sunkún, tó ń sọ̀rọ̀ láìdánudúró, ó sì ṣe é dáadáa. Sotigui ń gbọ́. Nígbà tí kámẹ́rà bá sún mọ́ ojú rẹ̀, ẹ ó rí ìtìjú bàbá tí kò tọ́ ọmọ, tí ẹnikẹ́ni ò sì dárúkọ rẹ̀ nínú ìran náà.

Ibí yìí ni mo ti máa ń bá àwọn ẹlẹgbẹ́ mi nílé jiyàn. Ọ̀pọ̀ wa gbé eré kúrò lórí ìtàgé lọ sínú fíìmù láìdín ohùn kù. Kámẹ́rà ti dé iwájú imú, òṣèré ṣì ń bá ẹni tó ń jẹ ẹ̀pà lẹ́yìn gbọ̀ngàn sọ̀rọ̀.

Àwọn ọmọ Sotigui ò jẹ́ kí iṣẹ́ náà kú. Hassane Kassi Kouyaté ń pa ìtàn, ó sì ń darí eré. Dani ló gba Ẹṣin Wúrà Yennenga níbi FESPACO, àjọ̀dún sinimá Ouagadougou, ní ọjọ́ 1 oṣù Kẹta ọdún 2025, fún Katanga, la danse des scorpions, tó gbé Macbeth ti Shakespeare wọnú èdè Mooré. Láti 1997 tí Gaston Kaboré ti fi Buud Yam gbà á, ẹ̀bùn náà ò tíì padà sọ́wọ́ ọmọ Burkina Faso kankan kí Dani tó gbà á. Ní àgbàlá wa, ìgbáradì ò ṣeé ṣe mọ́ lọ́jọ́ kejì. Ẹjọ́ Katanga ni gbogbo wọn ń rò.

Láti ìgbà yẹn ni mo ti fi eré kan kún ẹ̀kọ́ wa. Ẹni méjì á jókòó. Ọ̀kan á ròyìn bí ọjà ṣe rí lónìí, bí oníbàárà ṣe jẹ ẹ́ lówó. Èkejì kò gbọ́dọ̀ sọ̀rọ̀, kò gbọ́dọ̀ ju ọwọ́. Kí àwa tí à ń wò wọ́n sì mọ̀ bóyá ó gba ìròyìn náà gbọ́ tàbí kò gbà á gbọ́. Ọmọkùnrin kan wà láàárín wọn tó lè mú òkú rẹ́rìn-ín. Ó ní, "Tonton, ta ló máa sanwó wá wo ẹni tó dákẹ́?" Mo ní kó lọ wo London River. Ó wò ó, ó padà wá, ó ní bàbá yẹn ní ojú tó ṣeé wò, òun ò ní irú ẹ̀. Kò purọ́ tán. Ojú Sotigui ti ṣe ìdajì iṣẹ́ kó tó wọlé, ẹni tí Ọlọ́run ò fún nírú ojú bẹ́ẹ̀ sì máa ṣe làálàá jù ú lọ. Lọ́jọ́ Sátidé la máa gbéré jáde. Mo fún un ní ipa àgbà tó ń gbọ́ ẹjọ́ láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, gbólóhùn mẹ́ta péré ló ní. Látàná ló ti ń bẹ̀ mí pé kí n fi ìkẹrin kún un.